Ẹ Fojú Bù Ú Kí Ẹ Tó Pín In

Ìdáhùn sí ìbéèrè àwọn òǹkàwé wa lórí ìṣirò pínpín

Láti ìbẹ̀rẹ̀ sáà ẹ̀kọ́ yìí ni àwọn òbí àti àwọn olùkọ́ ní Abẹ́òkúta ti ń kọ̀wé sí wa nípa irú ìṣirò kan tí ó máa ń wà nínú ìwé àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, èyí tí wọ́n fi ìtàn kékeré kan gbé kalẹ̀, tí wọ́n sì ní kí ọmọ sọ "nǹkan bí mélòó" ni èsì rẹ̀ yóò jẹ́ kí ó tó pín in. A yan mẹ́fà nínú àwọn lẹ́tà náà.

*

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Ọmọ mi obìnrin wà ní kíláàsì kẹrin. Iṣẹ́ àṣetiléwá tí wọ́n fún un ni pé ìyá kan kó ọsàn 437 wá láti oko, ó sì fẹ́ kó o sínú apẹ̀rẹ̀ 6 kí iye inú wọn dọ́gba. Nǹkan bí ọsàn mélòó ni yóò wà nínú apẹ̀rẹ̀ kọ̀ọ̀kan? Ọmọ náà ní wọ́n ti kọ́ àwọn láti sún nọ́ńbà sí mẹ́wàá tí ó súnmọ́ ọn jù, ó sì sọ 437 di 440, ṣùgbọ́n 6 kò pín 440 láìṣẹ́kù, ni ó bá jókòó tì í. Èmi pín in ní tèmi, mo rí 72, ọsàn 5 sì ṣẹ́kù. Kí ni a tún ń fojú bù nígbà tí a mọ bí a ṣe ń pín in gan-an?
Ìyá ọmọ kan, Aṣẹ́rò

Ẹ ṣeun, Ìyá wa. Ìṣirò yín tọ̀nà: 6 lọ́nà 72 jẹ́ 432, ọsàn 5 sì ṣẹ́kù. Ohun tí ó dí ọmọ yín lọ́wọ́ ni pé ó mú òfin tí ó dára fún àròpọ̀ lọ sínú pínpín. Bí a bá fẹ́ ro 437 pọ̀ mọ́ 286, kò sí ohun tí ó burú nínú kí a sọ wọ́n di 440 àti 290, nítorí nọ́ńbà tí ó parí sí òdo rọrùn láti rò pọ̀ lórí. Nínú pínpín, òdo ìparí nìkan kò ran ẹnikẹ́ni lọ́wọ́. Ohun tí a nílò ni nọ́ńbà tí iye tí a fi ń pín yóò wọ inú rẹ̀ géérégé. Nítorí náà, kì í ṣe 437 ni ó yẹ kí ọmọ kọ́kọ́ tẹjú mọ́ bí kò ṣe 6. Kí ó ka tábìlì ìsọdipúpọ̀ tí ó ti mọ̀ lórí: 6 lọ́nà 7 jẹ́ 42, 6 lọ́nà 8 jẹ́ 48. Níwọ̀n bí 43 tí ó bẹ̀rẹ̀ 437 ti bọ́ sí àárín àwọn méjèèjì yìí, 437 fúnra rẹ̀ wà láàárín 420 àti 480, èsì rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ wà láàárín 70 àti 80. Ó súnmọ́ 420 ju 480 lọ, ìdí nìyẹn tí ìdáhùn fi jẹ́ nǹkan bí ọsàn 70.

Ní ti pé kí ni a ń fojú bù sí, ẹ̀yin tí ẹ ti ń ṣòwò, tí ẹ ti ń pín nǹkan láti ọjọ́ pípẹ́, lè má rí ìwúlò rẹ̀, nítorí ojú yín ti ń ṣe é láìjẹ́ pé ẹ mọ̀. Ọmọ kíláàsì kẹrin kò tíì ní irú ojú bẹ́ẹ̀. Ìlànà ni ó ń tẹ̀lé, bí ìgbésẹ̀ kan bá sì yẹ̀ nínú ìlànà náà, kò sí ohun tí yóò ta á lólobó. Ẹ wo 1,236 tí a fẹ́ fi 12 pín. Ọmọ rí i pé 12 wọ inú 12 ní ẹ̀ẹ̀kan, ó kọ 1. Ó sọ 3 kalẹ̀, ó rí i pé 3 kéré sí 12, ó sì yẹ kí ó kọ òdo níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò kọ ọ́. Ó sọ 6 kalẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ 3, ó ní 12 wọ inú 36 ní ẹ̀ẹ̀mẹta, ó kọ 3. Ó di 13. Iṣẹ́ náà mọ́ lójú, kò sí ìparẹ́ kankan nínú rẹ̀, ọmọ náà sì pa ìwé dé pẹ̀lú ìdùnnú, bẹ́ẹ̀ 103 ni èsì tòótọ́. Ká ní ó ti kọ́kọ́ kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ ìwé pé 12 lọ́nà 100 jẹ́ 1,200, 13 yẹn kò ní lè kọjá lójú rẹ̀. Àṣìṣe òdo tí wọ́n fò yìí wọ́pọ̀ púpọ̀, àwọn tí ń ṣètò ìdánwò kọ́mọ̀n ẹ́ńtíráǹsì sì mọ̀ ọ́n: bí wọ́n bá to ìdáhùn sílẹ̀ kí ọmọ mú ọ̀kan, kò ní yà mí lẹ́nu bí 13 àti 130 bá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ 103.

Ọ̀nà kan tún wà tí ó yá ju èyí lọ, tí mo sì fẹ́ kí ọmọ kọ̀ọ̀kan mọ̀ kí ó tó kúrò ní kíláàsì kẹrin. Kí ó tó pín rárá, kí ó wá iye ẹyọ nọ́ńbà tí yóò wà nínú èsì. Bí ó bá fẹ́ fi 4 pín 3,124, kí ó sọ pé 4 lọ́nà 100 jẹ́ 400, èyí kéré jù. 4 lọ́nà 1,000 jẹ́ 4,000, èyí ti pọ̀ jù. Èsì náà ju 100 lọ, kò sì tó 1,000, a jẹ́ pé ẹyọ nọ́ńbà mẹ́ta ni yóò ní. 781 ni ó jẹ́ ní tòótọ́. Kò gbà ju ìṣẹ́jú àáyá mélòó kan lọ.

Ẹ máa ṣọ́ ọmọ yín o. Àwọn ọmọ gbọ́n: ọ̀pọ̀ wọn á kọ́kọ́ pín in tán, wọ́n á wá sọ 72 di 70, wọ́n á ní àwọn ti fojú bù ú. Ìfojúbù tí ó tẹ̀yìn èsì wá kò lè ṣe ẹlẹ́rìí fún èsì náà. Ẹ ní kí ó kọ tirẹ̀ sílẹ̀ lójú yín kí ó tó bẹ̀rẹ̀ sí í pín.

*

Olóòtú, ẹ bá wa dá sí ọ̀rọ̀ kan. Wọ́n ní kí a fojú bu èsì 527 tí a fi 6 pín. Ọmọ wa ní 80, bàbá rẹ̀ ní 90, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tí ó wà ní ilé-ẹ̀kọ́ girama ní 100. Ta ni ó gbà á?
Ìyá Ìbejì, Adátán

Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lè gba máàkì bí wọ́n bá lè sọ bí wọ́n ṣe dé ibẹ̀. Ọmọ lo 480, bàbá lo 540, ẹ̀gbọ́n lo 600. 527 fi 13 péré dín sí 540, nígbà tí ó fi 47 ju 480 lọ, ó sì fi 73 dín sí 600. Nítorí náà ti bàbá ni ó súnmọ́ òótọ́ jù, èyí tí ó jẹ́ 87, tí 5 sì ṣẹ́kù. Bí ìwé bá béèrè èyí tí ó súnmọ́ jù lọ, bàbá ni ó gbà á. Bí ó bá jẹ́ "nǹkan bí" lásán ni ó béèrè, olùkọ́ tí ó fa 80 igi nítorí pé 90 ni ó wà lẹ́yìn ìwé kò ṣe dáadáa.

*

Ẹ kú iṣẹ́ ìlú. Kíláàsì karùn-ún ni mò ń kọ́. Bí iye tí a fi ń pín bá jẹ́ ẹyọ nọ́ńbà kan, àwọn ọmọ mi ń gbìyànjú, ṣùgbọ́n bí mo bá ní kí wọ́n fi 36 pín 1,728, ńṣe ni wọ́n ń dán 1 wò, wọ́n á dán 2 wò, wọ́n á dán 3 wò, ìwé á sì kún fún ìparẹ́. Ìgbà wo ni kí n ní kí wọ́n sún nọ́ńbà sókè, ìgbà wo ni kí wọ́n sún un sílẹ̀?
Olùkọ́ kan, Ìbarà

Ẹ kú iṣẹ́ takuntakun, Olùkọ́. Ohun méjì ni ó wà nínú ìbéèrè yín, ó sì dára kí a má pa wọ́n pọ̀: ìfojúbù gbogbo èsì, àti ìfojúbù ẹyọ nọ́ńbà kọ̀ọ̀kan bí ọmọ ti ń pín in lẹ́sẹẹsẹ.

Fún ti àkọ́kọ́, ẹ kọ́ wọn pé nínú pínpín, ibi kan náà ni kí nọ́ńbà méjèèjì máa lọ. Bí a bá sún iye tí a fi ń pín sókè, kí a sún iye tí à ń pín náà sókè. Ìdí rẹ̀ hàn gbangba fún ẹnikẹ́ni tí ó bá ti pín nǹkan fún èrò rí: bí àwọn tí ń gba ìpín bá pọ̀ sí i, ìpín olúkúlùkù á dín kù, bí a kò bá sì fẹ́ kí ó dín, ohun tí à ń pín gbọ́dọ̀ pọ̀ sí i. Ẹ gbé 36 lọ sí 40. Bí ọmọ bá gbé 1,728 sọ̀ kalẹ̀ sí 1,600, yóò rí 40. Bí ó bá gbé e gòkè lọ sí 2,000, yóò rí 50. Èsì tòótọ́ ni 48. Ẹ rí i pé èyí tí méjèèjì jọ gòkè fi 2 ṣìnà, èkejì sì fi 8 ṣìnà. Òdì kejì rẹ̀ ni ti ìsọdipúpọ̀, níbi tí ó ti sàn kí ọ̀kan gòkè kí èkejì sọ̀ kalẹ̀, mo sì fura pé ibẹ̀ gan-an ni ìdàrúdàpọ̀ àwọn ọmọ ti ń wá, torí pé wọ́n kọ́ ìfojúbù ìsọdipúpọ̀ ṣáájú, wọ́n sì rò pé òfin kan náà ni.

Fún ti èkejì, ẹ jẹ́ kí 40 dúró ti 36 ní gbogbo ọ̀nà. Ọmọ fẹ́ fi 36 pín 172: kí ó wo 17 àti 4, 4 wọ inú 17 ní ẹ̀ẹ̀mẹrin, kí ó kọ 4. 36 lọ́nà 4 jẹ́ 144, ó ṣẹ́ ku 28. Ó sọ 8 kalẹ̀, ó di 288. Kí ó wo 28 àti 4, ó rí 7. 36 lọ́nà 7 jẹ́ 252, ó ṣẹ́ ku 36. Ibí yìí ni kí ẹ ti dá wọn dúró, kí ẹ béèrè bóyá ohun tí ó ṣẹ́ kù lè pọ̀ tó iye tí a fi ń pín. Kò lè rí bẹ́ẹ̀. 36 kan ṣì wà nínú rẹ̀, nítorí náà 7 gbọ́dọ̀ di 8, èsì sì di 48 láìṣẹ́kù.

Bí a bá sún iye tí a fi ń pín sókè, ẹyọ tí a fojú bù lè kéré jù, ṣùgbọ́n kò lè pọ̀ jù láéláé. Bí a bá sún un sílẹ̀, bíi kí a sọ 32 di 30, ó lè pọ̀ jù: ẹni tí ó fẹ́ fi 32 pín 250 yóò wo 25 àti 3, yóò kọ 8, bẹ́ẹ̀ 32 lọ́nà 8 jẹ́ 256, kò sì ṣe é yọ kúrò nínú 250, ó di dandan kí ó pa á rẹ́ kí ó kọ 7. Ìwé olùkọ́ a máa sọ pé kí a sún nọ́ńbà sí ibi tí ó súnmọ́ jù, ó sì tọ̀nà fún ẹni tí ó ti mọ̀ ọ́n. Ní tèmi, fún ọmọ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ, sókè nìkan ni n ó ní kí ó máa sún un, nítorí pé àṣìṣe tí ó bá ti ibẹ̀ wá kò béèrè ìparẹ́ kankan lórí ohun tí ó ti yọ. Ó kàn máa yọ 36 kan sí i ni, yóò sì fi 1 kún èsì. Ìparẹ́ tí ẹ ń ráhùn lé lórí yóò dín kù.

*

Olóòtú, mo kí yín. Ọmọ ọmọ mi jókòó tì mí, ó ń ṣe ìṣirò, mo ní kí ó fi mẹ́rìndínlógójì pín in, ó ń wò mí lójú, àfi ìgbà tí mo tó pè é lédè Òyìnbó. Ǹjẹ́ oǹkà Yorùbá tilẹ̀ wúlò fún irú ìṣirò ìfojúbù tí wọ́n ń kọ́ wọn yìí, àbí kí n panu mọ́?
Bàbá àgbà kan, Ìjẹmọ̀

Bàbá, ẹ má panu mọ́. Orúkọ tí ẹ pe nọ́ńbà yẹn ti ṣe ìdajì iṣẹ́ náà tán. Láti 1 dé 4 ni oǹkà wa fi ń lé sókè, láti 5 dé 9 ni ó fi ń dín sílẹ̀: 24 jẹ́ mẹ́rìnlélógún, 25 sì ti di márùn-ún-dín-lọ́gbọ̀n. Òfin tí wọ́n kọ sínú ìwé ìṣirò pé bí ẹyọ ìparí bá tó 5 kí a gòkè, bí kò bá tó 5 kí a sọ̀ kalẹ̀, kò yàtọ̀ sí èyí rárá. Ọmọ tí ó bá gbọ́ "mẹ́rìndínlógójì" ti gbọ́ ogójì tí yóò lò, ó sì ti gbọ́ ohun tí ó ṣe pàtàkì jù ú lọ, pé mẹ́rin ni ó fi gòkè, nítorí náà èsì òun yóò fẹ́ kéré díẹ̀ ju bí ó ti yẹ lọ. Kò sí ibi tí orúkọ Òyìnbó ti sọ ìyẹn fún un.

Bí nọ́ńbà bá ti ń di ọgọ́rọ̀ọ̀rún, orúkọ náà a máa gùn, n kò sì ní dá ọmọ lẹ́bi bí ó bá sá fún un. Síbẹ̀, ìṣirò olùkọ́ Ìbarà òkè yìí dùn mọ́ mi. Ẹni tí ó bá mọ̀ pé ẹgbẹ̀sán ni 1,800 yóò rí i pé 1,728 fi 72 dín sí i. 1,800 jẹ́ 36 lọ́nà 50, 72 sì jẹ́ 36 lọ́nà 2. 50 dín 2, ó di 48, kò sì tíì fọwọ́ kan bírò.

*

Mo fẹ́ kí ẹ bá mi wo ìdájọ́ kan. Wọ́n bi ọmọ mi pé: àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ 250 ń lọ wo Olúmọ, bọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan ń gba ọmọ 18, bọ́ọ̀sì mélòó ni wọn yóò nílò? Ó kọ "13, ó ṣẹ́ ku 16". Mo tún un pín, bẹ́ẹ̀ náà ni mo rí i. Olùkọ́ fà á igi. Ìwà ìkà kọ́ nìyẹn?
Bàbá kan, Ọbáńtókò

Kì í ṣe ìwà ìkà, ẹ̀gbọ́n mi. Wọn kò béèrè èsì ìṣirò lọ́wọ́ ọmọ yín; iye bọ́ọ̀sì ni wọ́n béèrè. Bí bọ́ọ̀sì 13 bá gbéra, ọmọ 16 yóò dúró sí ẹnu ọ̀nà ilé-ẹ̀kọ́ nínú aṣọ tí ìyá wọn lọ̀ fún wọn láti àárọ̀. Bọ́ọ̀sì 14 ni.

Ọmọ yín kò dá nìkan ṣe é. Ní Amẹ́ríkà, nínú ìdánwò àpapọ̀ kan tí wọ́n tẹ àbájáde rẹ̀ jáde ní 1983, wọ́n bi àwọn ọmọ ọdún 13 pé bọ́ọ̀sì àwọn ológun kan ń gba ọmọ ogun 36, àwọn tí a fẹ́ kó sì jẹ́ 1,128. Bọ́ọ̀sì mélòó ni a nílò? Nínú ọgọ́rùn-ún ọmọ, nǹkan bí 70 ni ó pín in bí ó ti yẹ. Ṣùgbọ́n 29 nínú wọn kọ "31, ó ṣẹ́ ku 12", 18 kọ 31, 23 péré ni ó kọ 32. Ìdí tí mo fi ń mẹ́nu kàn án ni pé àwọn ọmọ tí ó mọ pínpín ni ó ṣì í. Wọ́n ti fa nọ́ńbà méjì jáde nínú ìtàn, wọ́n sì ti gbàgbé ìtàn náà.

Ìfojúbù ni ó ń mú ọmọ dúró nínú ìtàn, nítorí pé kò sí bí yóò ṣe fojú bù ú láìronú nípa ohun tí ó ń kà. Kí ọmọ yín sọ pé bọ́ọ̀sì 10 á kó ọmọ 180. Bọ́ọ̀sì 5 sí i á kó 90. 15 lápapọ̀ á kó 270, èyí sì ti ju 250 lọ díẹ̀. Kí ó tó mú bírò, ó ti mọ̀ pé bọ́ọ̀sì náà ju 10 lọ, kò sì ju 15 lọ, bọ́ọ̀sì ni ó sì ń kà ní gbogbo àkókò náà, kì í ṣe nọ́ńbà lásán.

Ẹ tún fi ẹyin dán an wò nílé, torí gbogbo wa ni a mọ̀ pé kéréètì kan ń gba ẹyin 30. Olùsìn adìẹ kan kó ẹyin 1,000. Ìfojúbù rẹ̀ wà láàárín 900 àti 1,200, ìyẹn láàárín kéréètì 30 àti 40, ó sì súnmọ́ 30. Bí a bá pín in, yóò jẹ́ 33, ẹyin 10 á sì ṣẹ́kù. Bí wọ́n bá béèrè iye kéréètì tí ó kún tí ó lè tà, 33 ni. Bí wọ́n bá béèrè iye kéréètì tí ó nílò láti kó gbogbo rẹ̀ lọ sí Kútọ̀, 34 ni. Bí wọ́n bá sì béèrè iye ẹyin tí àwọn ará ilé lè dín jẹ, 10 ni. Ẹ bi ọmọ yín ní ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tẹ̀lé ara wọn.

*

Àdìrẹ ni mò ń tà ní Ìtòkú. Ọmọ mi tí ń bá mi jókòó ní ìsọ̀ wà ní kíláàsì karùn-ún. Oníbàárà kan ní kí n gé aṣọ ẹbí fún ènìyàn 50, yáàdì márùn-ún-márùn-ún. Yáàdì 238 ni ó wà nílẹ̀. Kí ọmọ yìí tó pín in tán lórí ìwé, oníbàárà ti fẹ́ máa lọ. Báwo ni ó ṣe yẹ kí ó ṣe é?
Ìyá aláṣọ, Ìtòkú

Kò yẹ kí ó pín in rárá, Ìyá. Ìbéèrè oníbàárà ni bóyá aṣọ yóò tó, kì í ṣe iye ènìyàn tí yóò kárí gan-an. Kí ọmọ yín yí i padà: ènìyàn 50 ní yáàdì 5 jẹ́ 250. Yáàdì 238 kò tó o. Bí oníbàárà bá wá béèrè pé ènìyàn mélòó ni yóò kárí, kí ó bẹ̀rẹ̀ láti 50 yẹn: yáàdì 12 ni ó dín, ènìyàn méjì á gbé 10 lọ nínú rẹ̀, 2 tí ó kù sì ti ba ti ẹni kẹta jẹ́, nítorí náà ènìyàn 47 ni yóò kárí, yáàdì 3 á sì ṣẹ́kù lórí igbá. Yálà kí ẹ rán an lọ sọ́dọ̀ aládìrẹ ẹ̀gbẹ́ yín láti wá yáàdì 12 tí ó bá àwọ̀ náà mu, tàbí kí ẹ sọ fún oníbàárà kí ó tó san owó pé ènìyàn mẹ́ta ni aṣọ kò ní kárí.